Olè Inú Fíìmù Kìlówáàtì

Èmi ni mo rán aṣọ Kìlówáàtì. Ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ọ́, kí ẹnikẹ́ni má baà rò pé ẹjọ́ ẹlẹ́jọ́ ni mo fẹ́ rò. Nǹkan dídán bíi fàdákà tí àwọn awakọ̀ máa ń tẹ́ sójú gíláàsì mọ́tò nítorí oòrùn ni mo gé, tí mo fi rán ẹ̀wù àti ṣòkòtò fún àbúrò mi, Rilwan. Bó bá ti gbẹ́sẹ̀, á máa dún ṣàkàṣàkà bí ọ̀rá bísíkíìtì. Akoto ọlọ́kadà ló dé sórí, tọ́ọ̀ṣì kan sì wà láàárín àyà rẹ̀. Ó ti lé ní ogún ọdún tí mo ti ń ránṣọ ní Ojúwòyè, ní Múṣìn, mi ò tíì rán èyí tó tì mí lójú tó bẹ́ẹ̀ rí. Ṣùgbọ́n kí ni mo fẹ́ ṣe? Ọmọ ìyá mi ni.

Èkó ọdún 2071 ni ìtàn fíìmù náà. Tiransifọ́mà adúgbò kan bú gbàmù lọ́jọ́ òjò, iná rẹ̀ wọ ara ọmọkùnrin kan, láti ọjọ́ náà ló ti ń lé olè kiri ìgboro, tó ń fi ìka ọwọ́ kan ṣoṣo gbé wọn ṣubú. Àléébù kan ló ní: tí wọ́n bá ti mú iná lọ, agbára rẹ̀ náà á lọ, á jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀nà títí wọ́n á fi mú un dé. Mo bi Rilwan pé ṣé ní 2071 náà, wọ́n á ṣì máa mú iná lọ ni? Ó ní, "Àǹtí mi, fíìmù ni mò ń ṣe o, mi ò ṣe iṣẹ́ ìyanu." Òun ló kọ ìtàn, òun ló ń darí eré, òun náà ni Kìlówáàtì, nítorí pé ẹni tó kọ́kọ́ fẹ́ ṣe é rí aṣọ tí mo rán, ó ní òun ń bọ̀, a ò sì rí i mọ́. Fóònù ni kámẹ́rà wọn. Dùróònù ìjọba tó ń fò lójú ọ̀run, fáànù àjà tó ti jóná ni, okùn ni wọ́n fi so ó rọ̀.

Tìrìmísíyù ló bá wọn ṣe dùróònù yẹn. Ọ̀rẹ́ Rilwan ni láti ilé kéú, iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa tún fáànù ṣe láti ilé dé ilé ní Ìpọ̀nrí. Ọlọ́run fún un ní ojú olè, ó wá fi ọkàn àdàbà sí i láyà. Ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ wọnú, ẹyinjú rẹ̀ kì í dúró sójú kan, àmọ́ tí èèyàn bá gbá a létí, òun náà ló máa ní ẹ pẹ̀lẹ́, ṣé kò dùn yín lọ́wọ́. Nítorí ojú yẹn ni Rilwan ṣe ní kó wá ṣe gbọ́mọgbọ́mọ, olè tó ń jí àwọn ọmọdé gbé nínú fíìmù náà.

Ìyá àgbà tó tọ́ Tìrìmísíyù ti kú ní ọdún méjì sẹ́yìn, kò sì ní ẹni tó sún mọ́ ọn ní Èkó ju àwa lọ. Èmi ló ń pè ní ẹ̀gbọ́n. Nígbà tó rí Ummulkhair, ọmọ Alhaji Mùktárù tó ń ta páìpù omi ní Ìpọ̀nrí, èmi ló mú dání lọ mọ ilé wọn. Ará Ìjẹ̀bú ni Alhaji, kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀, ṣùgbọ́n ó gbà. Wọ́n dá ọjọ́ tí wọ́n máa so yìgì, ó ku ọ̀sẹ̀ mẹ́fà. Tìrìmísíyù bẹ̀rẹ̀ sí í dá rẹ́rìn-ín sí fáànù tó bá ń tú.

Nínú eré kan, gbọ́mọgbọ́mọ gbé ọmọ ọdún márùn-ún sí èjìká, ó ń sá gba àárín ilé méjì kọjá. Rilwan gun orí òrùlé lọ ya wọ́n láti òkè, bíi pé kámẹ́rà ìjọba tó wà lórí òpó ló ń wò wọ́n, ó sì mú kí àwòrán náà ṣú díẹ̀ bíi tàwọn kámẹ́rà bẹ́ẹ̀. Ní igun ìsàlẹ̀ lápá òsì ni déètì wà, gàdàgbà: oṣù kẹta, ọdún 2071. Jael ni ọmọ orí èjìká yẹn, ọmọ Mabel, tíṣà kan tí a jọ ń gbé ilé. Wọ́dìn ṣọ́ọ̀ṣì ni ọkọ Mabel, kò fẹ́ gbọ́ orúkọ fíìmù sétí rárá. Mabel fi fìlà dídán bo ọmọ náà títí dé imú, ó sọ fún ọkọ rẹ̀ pé Jael lọ ṣeré lọ́dọ̀ mi. Ìyẹn náà kì í kúkú ṣe irọ́ tán.

Lọ́jọ́ Jímọ́ọ̀ kan, Rilwan fi díẹ̀ nínú eré náà ránṣẹ́ sí mi, kò ju ogún ìṣẹ́jú àáyá lọ. Mo wò ó, orí mi wú. Àbúrò mi tí gbogbo ẹbí ti sọ pé kò lè da nǹkan kan láyé! Mo gbé e sórí sítétọ́ọ̀sì Wasáàpù mi, níbi tí gbogbo oníbàárà mi á ti rí i. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé tí èèyàn bá fẹ́ kí ará Èkó dúró ka nǹkan, àfi kó kọ́kọ́ dẹ́rù bà wọ́n. Mo wá kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé: "Ẹ ṣọ́ra o! Ó ti wọ Sùúrùlérè! Ẹ di ọmọ yín mú!" Mo ní tí wọ́n bá ti bi mí pé kí nìyí, màá wá sọ fún wọn pé fíìmù àbúrò mi ló ń bọ̀ lọ́nà. Lójú tèmi, ìpolówó ni mò ń ṣe.

Kò sẹ́ni tó bi mí. Wọ́n kàn ń gbé e kiri ni.

Nígbà tó fi máa di ọjọ́ Àìkú, fídíò náà ti padà wá bá mi nínú gúrúùpù mẹ́rin. Ẹnì kan ti fi kún un pé ọmọ mẹ́ta ló ti gbé. Ẹlòmíì ní Yàbá ni wọ́n ti rí i gbẹ̀yìn. Ọ̀rọ̀ tí mo kọ ló ṣì wà níwájú, bí mo ṣe kọ ọ́ gẹ́lẹ́, orúkọ mi nìkan ni kò sí níbẹ̀ mọ́. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo rí i, mo rẹ́rìn-ín. Ìgbà kẹrin, ẹ̀rín kú lẹ́nu mi, mo pa tèmi rẹ́, mo sì panu mọ́.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni Tìrìmísíyù gbé fáànù oníbàárà kan sí èjìká, ó ń gba inú ọjà Ìpọ̀nrí kọjá. Ìbíkúnlé tó ń ta báàkẹ́ẹ̀tì oníke ló kọ́kọ́ dá a mọ̀. Ó wo ojú rẹ̀, ó wo fóònù rẹ̀, ó pariwo pé gbọ́mọgbọ́mọ rèé o! Kí Tìrìmísíyù tó sọ fáànù kalẹ̀, wọ́n ti pé lé e lórí. Ó ní fíìmù ni. Wọ́n ní irú ẹ̀ náà ni gbogbo olè máa ń sọ. Ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wo déètì ẹ̀! Ọdún 2071 ló wà níbẹ̀!" Ìbíkúnlé wò ó lóòótọ́, ó ní, "Kí ló wá kàn mí? Fóònù tèmi gan-an, 2009 ló ń sọ." Ni wọ́n bá ń lù ú lọ. Ọpẹ́lọpẹ́ ìyá kan tí Tìrìmísíyù ti bá tún fáànù ṣe rí, tó fi ara rẹ̀ lé e lórí, tó ń ké pé bó bá jẹ́ olè ni, kí wọ́n gbé e lọ bá ọlọ́pàá, kí wọ́n má pa ọmọ ọlọ́mọ sí òun lọ́rùn.

Àwọn ọlọ́pàá rí i pé kò sí ọmọ ẹnì kankan tó sọnù, wọ́n ní kó máa lọ. Eyín rẹ̀ kan ti ká, apá òsì rẹ̀ yẹ̀. Ó bá bẹ́ẹ̀ wọ ṣọ́ọ̀bù mi, ó kí mi pé, "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ kú iṣẹ́," ó sì jókòó sórí àga oníbàárà. Kò sunkún. Ó kàn ń wo ilẹ̀ ni, ó ń bi mí pé kí lòun máa sọ fún oní-fáànù.

Lọ́jọ́ kejì, Ummulkhair dé, ojú rẹ̀ wú. "Bàbá mi ò bínú o, Àǹtí," ó ní. "Wọn ò pariwo rárá. Wọ́n kàn ní àwọn ò ní jókòó níbi yìgì ẹni tí gbogbo Ìpọ̀nrí ń pè ní gbọ́mọgbọ́mọ." Bí bàbá ọmọ kò bá sì jókòó fa ọmọ kalẹ̀, yìgì wo ló tún kù tí ẹ fẹ́ so?

Mo dìde, mo wá Rilwan lọ, mo sì bú u. Mo bú u débi tí àwọn ará ilé ń yọjú lójú fèrèsé. Mo ní òun àti kámẹ́rà orí òrùlé rẹ̀ ló kó ọmọ ọlọ́mọ sí yọ́ọ́yọ́ọ́. Ó gbà á bẹ́ẹ̀, ó ní ó ní láti jẹ́ pé ẹnì kan ló jí fídíò náà nínú fóònù òun níbi tí òun ti gbé e sí kó máa gba iná. Bí mo ṣe ń bú u lọ, inú mi ń bà jẹ́ sí ara mi, ṣùgbọ́n ẹnu mi kò dúró. Bí èèyàn bá jẹ̀bi tí kò sì fẹ́ kí wọ́n mọ̀, irú ariwo bẹ́ẹ̀ ló máa ń pa.

Ọjọ́ mẹ́ta ni mo fi pa á mọ́ra. Rilwan ya fídíò mìíràn, òun àti Tìrìmísíyù jókòó pọ̀, wọ́n ṣàlàyé pé eré ni. Mo bá a fi ránṣẹ́ sí gbogbo gúrúùpù tí mo wà. Ẹni mọ́kànlá ló wò ó, méjì nínú wọn ni èmi àti Mabel. Rilwan fi ránṣẹ́ sí Alhaji náà, Alhaji kò tiẹ̀ ṣí i. Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kẹta, Tìrìmísíyù wá bá mi, apá rẹ̀ wà nínú aṣọ tí wọ́n fi gbé e kọ́ ọrùn. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ má bínú sí Rilwan mọ́. Ẹni yòówù tó fi í síta, kò lè mọ̀ pé ibi tó máa já sí nìyí." Ọ̀rọ̀ yẹn ló bá mi jù nínú gbogbo ẹ̀. Bó bá bú mi ni, mi ò bá fi ara mọ́ ọn.

Mo lọ bá Mabel nínú yàrá rẹ̀. Mo ní ọmọ tí wọ́n ní ó jí gbé kúkú wà láyé, ẹ jẹ́ ká gbé e lọ bá Alhaji. Mabel fọwọ́ bo ẹnu. "Àǹtí Shakirat, Bàbá Jael ò gbọdọ̀ gbọ́! Ṣé ẹ mọ̀ pé òun náà fi fídíò yẹn ránṣẹ́ sí mi? Ọmọ ẹ̀ ló ń wò lójú, ó ní kí n di Jael mú!" A wo ara wa, ẹ̀rín bú lu àwa méjèèjì, a rẹ́rìn-ín títí omi fi dà lójú wa. Ìgbà tí ẹ̀rín tán, ó jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì. Lẹ́yìn náà ló ní òun máa sọ fún ọkọ òun lálẹ́ yẹn, kó bínú bó bá fẹ́ bínú. Mi ò mọ ohun tí wọ́n bá ara wọn sọ, àmọ́ lọ́jọ́ Sátidé, òun àti Jael ló kọ́kọ́ múra tán.

Lẹ́yìn ìrun Àlàásárì la dé ilé Alhaji ní Ìpọ̀nrí. Rilwan kọ̀ jálẹ̀ láti wọ aṣọ gidi, aṣọ Kìlówáàtì ló wọ̀ wá, ó ní kí bàbá lè fojú ara wọn rí i pé eré ni. Bó ṣe dọ̀bálẹ̀ gbalaja láti kí Alhaji, aṣọ náà fàya láti ìdí dé itan. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Tìrìmísíyù náà fẹ́ dọ̀bálẹ̀, apá rẹ̀ kò jẹ́, ó kàn tẹrí ba lórí ìkúnlẹ̀. Ummulkhair dúró lẹ́nu ọ̀nà yàrá, kò wọlé, kò sì jáde.

Rilwan yọ fóònù. "Alhaji, ẹ jẹ́ ká fi bí a ṣe ya á hàn yín."

"Gbé e sápò," Alhaji ní. "Fídíò ló ba nǹkan jẹ́, fídíò náà lẹ tún fẹ́ fi tún un ṣe?"

Jael ti já ọwọ́ gbà lọ́wọ́ ìyá rẹ̀. Ó lọ tààrà sọ́dọ̀ Tìrìmísíyù, ó gun orí itan rẹ̀, ó ń fi ìka kan aṣọ tó gbé apá rẹ̀ kọ́, ó bi í pé, "Ṣé ó ń dùn yín?" Mabel kúnlẹ̀. Ó ní, "Alhaji, ọmọ inú fídíò nìyí. Èmi ni mo bí i. Mo wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri lọ́jọ́ náà, mo mú omi rẹ̀ dání. Nígbà tí wọ́n ya á tán, ọmọ ò fẹ́ sọ̀ kalẹ̀ lọ́rùn ọkùnrin yìí."

Alhaji wo ọmọ náà pẹ́. Ó wá gbójú sókè. "Ó dáa. Ta ló wá kọ ọ̀rọ̀ tó wà níbẹ̀? 'Ẹ di ọmọ yín mú.' Ta ló kọ ọ́?"

"A ò mọ ẹni tó jẹ́, sà," Rilwan ní. "Wọ́n jí i gbé lórí fóònù mi ni."

Ojú tì mí. Mo lè dákẹ́ síbẹ̀, kò sẹ́ni tó máa mọ̀ láéláé. Ṣùgbọ́n Tìrìmísíyù ń fi ọwọ́ rẹ̀ tó le gbá Jael mú kó má baà ṣubú, mo rí àlàfo eyín rẹ̀ bó ṣe ń rẹ́rìn-ín sí ọmọ náà, mi ò lè gbà á mọ́ra. Mo kúnlẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ Mabel. "Èmi ni, Alhaji. Ọwọ́ mi yìí ló kọ ọ́. Mo fi síta láti polówó fíìmù, nígbà tó di wàhálà, mo sá sẹ́yìn àbúrò mi."

"Àǹtí mi?" ni Rilwan ní, ohùn rẹ̀ sì wálẹ̀ bíi tìgbà tó wà lọ́mọdé. Tìrìmísíyù wò mí, ó gbójú kúrò. Ẹ̀kún tí mo ti ń gbé mì láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun bú jáde. Mo sunkún níwájú àna mi bí ọmọ tí wọ́n nà.

Nígbà tí mo rí ẹnu sọ̀rọ̀, mo ní, "Ẹ dárí jì wá. Wọ́n kúkú ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ máa bá a."

"Ìgbà tí irọ́ ń fẹsẹ̀ rìn ni wọ́n pa òwe yẹn, ìyá," Alhaji ní. Kò jágbe mọ́ mi. "Mo gbà yín gbọ́. Ojú tí ọmọ yẹn fi wo ọkùnrin yìí tó mi. Àmọ́ ṣé èmi nìkan ni mo rí fídíò yẹn? Ọmọ mi á máa bọ̀ wá kí mi. Á máa gbé ọmọ pọ̀n gba inú ọjà yìí kọjá. Ṣé kí wọ́n máa pè é ní ìyàwó gbọ́mọgbọ́mọ ni?" Ó nawọ́ mú fìlà rẹ̀, ó dé e, ó wọ bàtà. "Ẹ dìde, gbogbo yín. Ẹ jẹ́ ká lọ."

Ó wá ṣe ohun tí mi ò rí kí bàbá ìyàwó ṣe rí. Ó di ọwọ́ ọ̀tún Tìrìmísíyù mú, ó sì fi ìka kọ́ ìka rẹ̀, bí àwọn ọ̀rẹ́ ṣe máa ń ṣe, ni wọ́n bá jọ jáde sí títì. Mabel gbé Jael tẹ̀ lé wọn, èmi àti Rilwan wà lẹ́yìn, ó ń fi akoto bo ibi tí aṣọ ti fàya.

Bí Ìbíkúnlé ṣe rí wa lọ́ọ̀ọ́kán, ó fò dìde láàárín báàkẹ́ẹ̀tì. "Alhaji, ẹ ti mú un nìyẹn! Ẹ dì í mú dáadáa o!" Ọkùnrin méjì ti ń bọ̀, ọ̀kan mú igi dání. Mo gbọ́ bí Tìrìmísíyù ṣe mí kanlẹ̀, ṣùgbọ́n kò fa ọwọ́ rẹ̀ yọ.

"Mo dì í mú," Alhaji ní. "Àna mi ni. Òun ló fẹ́ ọmọ mi Ummulkhair. Ẹni tó bá fẹ́ lù ú, kó ti orí mi bẹ̀rẹ̀."

Ẹni tó mú igi dání rọra gbé e sílẹ̀. Mo bọ́ síwájú, mo ní èmi ni mo kọ ọ̀rọ̀ yẹn, irọ́ ni, fíìmù ni, ọmọ náà rèé, ìyá rẹ̀ rèé, olórí eré rèé nínú aṣọ tó ti ya. Ìbíkúnlé wo apá tí wọ́n gbé kọ́ ọrùn, ó wo eyín tí kò sí, ó wo ilẹ̀. Tìrìmísíyù ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú ọjà." Ìbíkúnlé dọ̀bálẹ̀ sáàárín báàkẹ́ẹ̀tì.

Ibẹ̀ kọ́ ni Alhaji dúró sí o. Láti ìsọ̀ dé ìsọ̀ ló mú wa lọ, níbi gbogbo ló sì ti ń sọ ọ̀rọ̀ kan náà, tí èmi náà ń jẹ́wọ́ tèmi. Ó rẹ̀ mí, ìtìjú náà sì ń rọlẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Ìsọ̀ tó gbẹ̀yìn jẹ́ ti ìyá arúgbó kan tó ń ta abọ́. Ó gbọ́ tiwa tán, ó kẹ́dùn títí, ó wá ní, "Mo mà ti fi ránṣẹ́ sí ọmọ mi ní Ìbàdàn. Òun náà lọ́mọ kéékèèké."

"Ẹ pè é," Alhaji ní.

"Nísinsìnyí?"

"Nísinsìnyí, màmá. A máa dúró."

Ó fa àpótí kan, ó jókòó, kò tíì jọ̀wọ́ ọwọ́ Tìrìmísíyù. Oòrùn ti ń wọ̀, àwọn aláìsùúrù ti ń palẹ̀ ọjà mọ́. Ìgbà mẹ́ta ni ìyá náà pè kí ọmọ rẹ̀ tó gbé e.

"Dáúdà, ìwọ ni? Ṣé o rántí ọkùnrin tí mo fi fídíò rẹ̀ ránṣẹ́ sí ẹ? Irọ́ ni o. Ó dúró níwájú mi báyìí. Ọkọ ọmọ Alhaji Mùktárù ni, ọmọ dáadáa ni. Sọ fún gbogbo ẹni tí o fi ránṣẹ́ sí."

Ìgbà yẹn ni Tìrìmísíyù ṣẹ̀ṣẹ̀ sunkún.